Ẹgbẹ́ Wọn Ni Kí Wọ́n Bá Jìjàkadì: Bí Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé Àwọn Ọ̀dọ́mọbìnrin Ṣe Dé Ayé

Ìṣẹ́jú kejì ni. Ọjọ́ 24, oṣù Kẹfà, ọdún 1999, ní pápá ìṣeré Soldier Field, létí adágún Michigan, ní ìlú Chicago. Èèyàn 65,080 ló wá síbẹ̀, ohun tí púpọ̀ nínú wọn sì wá wò ni bí Amẹ́ríkà yóò ṣe fi Nàìjíríà ṣeré. Wọn ò tíì jókòó dáadáa tí Nkiru Okosieme, ẹni tí wọ́n sọ ní Headmistress nítorí bó ṣe máa ń fi orí kan bọ́ọ̀lù, fi gbá bọ́ọ̀lù sínú àwọ̀n onílé. Nàìjíríà 1, Amẹ́ríkà òdo. Fún ohun tó lé ní ìṣẹ́jú 15, báyìí ni ó wà lójú pátákó: àwọn ọmọ Nàìjíríà ló wà níwájú, lójú èrò tó tó ìlú kan.

Lẹ́yìn náà ni òjò dé. Kí wọ́n tó lọ sinmi, Amẹ́ríkà ti jẹ góòlù 6. Nígbà tí rẹfirí yóò fi fọn fèrè ìkẹyìn, ó ti di 7 sí 1. Mia Hamm jẹ, Kristine Lilly jẹ, Michelle Akers jẹ, Cindy Parlow jẹ, Tiffeny Milbrett jẹ méjì, ọ̀kan sì tara àwa fúnra wa wọlé. Títí di òní, bí Yorùbá méjì bá ń sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù obìnrin ní Chicago, tí ọ̀kan bá ti dárúkọ Soldier Field, èkejì á mi orí.

Àmọ́ ẹni tó bá ka ìyà ọjọ́ yẹn sí àìmọ̀ọ́gbá kò wo ìyókù eré wọn. Ọjọ́ 4 ṣáájú, ní Pasadena, ikọ̀ yìí kan náà na North Korea ní 2 sí 1. Ọjọ́ 3 lẹ́yìn Chicago, wọ́n na Denmark ní 2 sí òdo. Nígbà tí wọ́n pàdé Brazil ní ìpele tó ku ikọ̀ 8, Brazil ti jẹ góòlù 3 kí wọ́n tó sinmi. Nàìjíríà padà wá, ó dá gbogbo mẹ́ta padà, àfìgbà tí Sissi jẹ ẹ̀kẹrin nínú àfikún àkókò, lábẹ́ òfin ìgbà náà tó ní ẹni tó bá kọ́kọ́ jẹ ni eré parí sí lọ́wọ́. Kò sí ikọ̀ obìnrin ilẹ̀ Áfíríkà tó tíì dé ìpele yẹn ṣáájú wọn. Florence Omagbemi ni balógun wọn, Mercy Akide wà níbẹ̀, Yinka Kudaisi àti Kikelomo Ajayi tó jẹ́ ọmọ Yorùbá wà níbẹ̀, Ismaila Mabo sì ni akọ́nimọ̀ọ́gbá. Ikọ̀ tó dára ni.

Ẹnì kan tún wà láàrin wọn. Ifeanyi Chiejine ni orúkọ rẹ̀. Nígbà tó wọ pápá ní Pasadena, ọdún 16 àti ọjọ́ 34 ni ọjọ́ orí rẹ̀, kò sì sí ẹni tó kéré tó o tó tíì gbá bọ́ọ̀lù nínú Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé àwọn obìnrin ṣáájú rẹ̀. Ọmọ tó yẹ kó máa bá àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ du bọ́ọ̀lù ni wọ́n gbé kalẹ̀ síwájú àwọn obìnrin tó ti gba ife ẹ̀yẹ àgbáyé ní 1991, tí wọ́n ti gba góòlù Òlímpíìkì ní 1996. Àwọn àgbà ní bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè lákìísà bí àgbà. Aṣọ wà lára ọmọ náà. Àkísà ni kò sí. Ibi tí ọmọbìnrin ti lè lo aṣọ bọ́ọ̀lù rẹ̀ títí yóò fi gbó, níwájú ayé, láàrin ẹgbẹ́ rẹ̀, kò sí níbì kankan.

Nílẹ̀ Yorùbá àtijọ́, bí òṣùpá bá mọ́lẹ̀ tí àwọn ọmọ bá fẹ́ jìjàkadì, ẹgbẹ́ ni wọ́n kọ́kọ́ ń wò. Ọmọ ọdún 10 kì í gbá ọmọ ọdún 15 mú. Àgbà tó bá jókòó sí ìta á ké sí i pé kó fi ìyẹn sílẹ̀, kó lọ mú ẹgbẹ́ rẹ̀. Àwọn Ìjẹ̀bú tilẹ̀ sọ ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ di ètò ìlú, òun ni rẹ́gbẹ́rẹ́gbẹ́ tí a ń rí lórí ìjókòó àti nínú aṣọ lọ́jọ́ Ojúde Ọba. Ẹni tó bá ti dá ẹgbẹ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀, tí ẹgbẹ́ rẹ̀ sì ti dá òun náà mọ́lẹ̀, ni wọ́n ń fà lé àgbà lọ́wọ́. Àwọn ọkùnrin ní irú ìtò bẹ́ẹ̀ nínú bọ́ọ̀lù. Láti 1977 ni àjọ FIFA ti bẹ̀rẹ̀ ìdíje àgbáyé fún àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin, ní Tunisia. Ní 1985 ó fi ti àwọn ọmọ tí kò ju ọdún 16 lọ kún un ní China, Nàìjíríà ló sì gba ife àkọ́kọ́ yẹn. Àwọn ọmọ náà, tí wọ́n ń pè ní Golden Eaglets, sọ ara wọn di orúkọ ní gbogbo ilé.

Ohun tó máa ń dùn mí jù nínú ìtàn yìí ni ọdún 1999 fúnra rẹ̀. Ní oṣù Kẹrin ọdún náà, Nàìjíríà ló gba ayé lálejò fún ìdíje àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin, ẹlẹ́ẹ̀kejìlá irú rẹ̀. Wọ́n gbá a ní Ìbàdàn, wọ́n gbá a ní Èkó, ní Enugu, ní Kano, ní Calabar. Xavi, tí ayé yóò wá mọ̀ ní Barcelona, wà lára àwọn ọmọ Spain tó na Japan ní 4 sí òdo ní Sùúrùlérè ní ọjọ́ 24 oṣù Kẹrin. Oṣù méjì géérégé lẹ́yìn ọjọ́ náà ni eré Soldier Field. Àwọn ọmọkùnrin ayé ti ń bá ẹgbẹ́ wọn jìjàkadì lórí ilẹ̀ wa fún ìgbà ẹlẹ́ẹ̀kejìlá. Àwọn ọmọbìnrin kò tíì ní ẹyọ kan.

Báwo wá ni Amẹ́ríkà ṣe lágbára tó bẹ́ẹ̀, nígbà tó jẹ́ pé àwọn náà kò ní ìdíje àgbáyé fún àwọn ọ̀dọ́mọbìnrin? Yunifásítì ni. Láti 1972 ni òfin tí wọ́n ń pè ní Title IX ti sọ ọ́ di dandan pé ilé ìwé tó bá ń gba owó ìjọba àpapọ̀ kò gbọdọ̀ fi nǹkan du obìnrin nítorí pé ó jẹ́ obìnrin, eré ìdárayá sì wà nínú rẹ̀. Bí yunifásítì bá fún ọmọkùnrin ní ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ nítorí pé ó mọ bọ́ọ̀lù gbá, ó ní láti ronú kan ọmọbìnrin náà. Ẹ wo àwọn tó jẹ góòlù wa ní Chicago: Hamm, Lilly àti Parlow, yunifásítì North Carolina kan náà ni wọ́n ti wá. Àwọn wọ̀nyí ti bá ẹgbẹ́ wọn jà fún ọdún mẹ́rin mẹ́rin, lábẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá, pẹ̀lú oúnjẹ, dókítà àti pápá tó tẹ́jú, kó tó di pé wọ́n wọ Soldier Field. Àwọn tiwa ti inú ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù tí owó oṣù wọn kì í dé wá. Ọ́fíìsì àjọ tó ń darí bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà pàápàá wà ní Chicago nígbà náà, ní òpópónà South Prairie, ibi tí èèyàn lè fi ẹsẹ̀ rìn dé pápá yẹn. Ẹ̀rù ọjọ́ náà kò bà wọ́n. Wọ́n mọ ohun tí wọ́n ti ń tọ́ láti ọjọ́ tó ti pẹ́.

Ìdíje 1999 náà sì la ojú gbogbo ayé. Èèyàn 90,185 ló wo àṣekágbá ní Pasadena, nígbà tí Amẹ́ríkà fi pẹ́náritì borí China. Kò tún sẹ́ni tó lè sọ pé èèyàn kì í wo bọ́ọ̀lù obìnrin. Ìbéèrè tó kù ni ti àwọn tí yóò máa gbá a lẹ́yìn Hamm àti Akers, ibẹ̀ ni FIFA sì ti dá ohun tuntun sílẹ̀: ìdíje àgbáyé fún àwọn obìnrin tí kò ju ọdún 19 lọ.

Canada ni wọ́n gbé àkọ́kọ́ fún, láti ọjọ́ 17 oṣù Kẹjọ sí ọjọ́ 1 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2002, ní ìlú mẹ́ta: Edmonton, Vancouver àti Victoria. Ikọ̀ 12 péré ni. Áfíríkà ní àyè kan ṣoṣo, Nàìjíríà ló gbà á. Ọ̀pọ̀ rò pé ìdíje kékeré ni yóò jẹ́, tí òbí àti ìbátan yóò wá wò. Ṣùgbọ́n Canada ní ọmọ kan tó ń jẹ́ Christine Sinclair, ọdún 1983 kan náà ni wọ́n bí òun àti Chiejine, ọmọ náà sì jẹ góòlù 10 nínú ìdíje yẹn. Bí ó ṣe ń jẹ ni èrò ń pọ̀ sí i. Nígbà tó fi di ọjọ́ àṣekágbá, èèyàn 47,784 ló kún pápá Commonwealth ní Edmonton láti wo àwọn ọmọ tí púpọ̀ nínú wọn kò tíì parí ilé ìwé. Amẹ́ríkà ló gba ife náà, ní 1 sí òdo, nígbà tí Lindsay Tarpley jẹ ẹ ní ìṣẹ́jú 109. Marta ti Brazil náà wà níbẹ̀, ọmọ ọdún 16.

Mo gbàgbọ́ pé ọjọ́ yẹn ní Edmonton ni ìdíje yìí rí ẹ̀mí. Ohun tí FIFA dá sílẹ̀ lórí ìwé lè kú sórí ìwé. Èrò ọjọ́ yẹn ni kò jẹ́ kó kú. Nàìjíríà ní tirẹ̀ kò kọjá ìpele àkọ́kọ́. Ó padà sílé láìsí ariwo, bó ṣe lọ náà ló ṣe bọ̀.

Àwọn ọdún tó tẹ̀ lé e kò nílò àlàyé gígùn. Ní 2004, ní Thailand, Nàìjíríà dé ìpele tó ku ikọ̀ 8, ó bá Jámánì gbá ọ̀mì, Jámánì sì fi pẹ́náritì lé e lọ, kó tó lọ gba ife náà. Ní 2006, ní Russia, FIFA gbé ọjọ́ orí sókè di ọdún 20, ó sì sọ ikọ̀ 12 di 16. North Korea na China ní 5 sí òdo ní àṣekágbá ọdún náà, ọ̀pọ̀ èèyàn sì béèrè pé níbo ni wọ́n ti kó àwọn ọmọ wọ̀nyí wá. Ní 2008, ní Chile, ìdíje náà gba orúkọ tí à ń pè é lónìí, Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé. Ọdún 2008 yìí náà ni wọ́n dá ti àwọn ọmọbìnrin tí kò ju ọdún 17 lọ sílẹ̀ ní New Zealand. Ìtò ẹgbẹ́ ti wá pé: ọmọ lè bẹ̀rẹ̀ ní 16, kó bá ẹgbẹ́ rẹ̀ jà, kó gòkè sí ti 20, kó tó kan àgbà. Kékeré la ti ń pa ẹ̀kàn ìrókò.

Ọdún 2010 ni mo fẹ́ kí a jókòó sí díẹ̀.

Jámánì ló gbà á lálejò. Àwọn ọmọ wa tí wọ́n ń pè ní Falconets, tí Ndem Egan jẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn, jáde nínú ìpele àkọ́kọ́, ẹni tí wọ́n sì kàn ní Augsburg ni Amẹ́ríkà, ẹni tó ń gbé ife ọwọ́ rẹ̀ bọ̀ láti Chile. Láti ìgbà tí wọ́n ti dá ìdíje yìí sílẹ̀, Amẹ́ríkà kò tíì kùnà láti dé ìpele tó ku ikọ̀ 4. Sydney Leroux ló kọ́kọ́ jẹ fún wọn. Ní ọjọ́ mìíràn, ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ì bá parí sí. Àmọ́ àwọn ọmọ wọ̀nyí kò túká bí ti Soldier Field. Wọ́n ń bá a lọ, wọ́n dá góòlù náà padà, wọ́n gbá àfikún àkókò, kò sẹ́ni tó jẹ. Ó di pẹ́náritì. Nàìjíríà gbá 4 wọlé, Amẹ́ríkà 2.

Ọdún 11 ni láti 7 sí 1 sí ọjọ́ yẹn. Ohun tó wà láàrin méjèèjì, tí a bá yọ orúkọ àti ìbò ojú kúrò, kò ju ìdíje yìí lọ. Àwọn ọmọ tó dúró ní Augsburg kò rí Amẹ́ríkà bí òrìṣà. Wọ́n ti rí àwọn ọmọ Amẹ́ríkà, ọmọ Jámánì àti ọmọ Japan tí wọn kò jù wọ́n lọ lọ́jọ́ orí, wọ́n ti rí wọn tí wọ́n ṣubú, tí wọ́n sunkún, tí wọ́n pàdánù pẹ́náritì. Ẹni tí a bá jọ jìjàkadì rí, ẹ̀rù rẹ̀ kì í bà wá mọ́.

Wọ́n na Colombia ní 1 sí òdo lẹ́yìn ìyẹn, wọ́n sì di ikọ̀ obìnrin Áfíríkà àkọ́kọ́ tó dé àṣekágbá ìdíje FIFA. Bielefeld, ọjọ́ 1 oṣù Kẹjọ. Jámánì ló tún dúró dè wọ́n, pẹ̀lú Alexandra Popp tó ti ń jẹ góòlù nínú gbogbo eré tó gbá. Ó jẹ nínú èyí náà, ní ìṣẹ́jú 8, ó di 10 fún un. Ìparí eré ni èkejì wọlé. 2 sí òdo.

Ní 2012, Uzbekistan ló yẹ kó gbà á lálejò, Japan ni wọ́n padà gbé e fún. Amẹ́ríkà gbẹ̀san níbẹ̀: ó na Nàìjíríà ní 2 sí òdo ní ìpele tó ku ikọ̀ 4, ó sì na Jámánì ní àṣekágbá pẹ̀lú góòlù Kealia Ohai. Nàìjíríà ṣe ipò kẹrin.

Nígbà tó fi di 2014, tí ìdíje padà sí Canada tí wọ́n ti bí i, ọmọ Ìkòròdú kan ti wà nínú ikọ̀ náà. Asisat Oshoala, ọmọ ọdún 19. Ó ti sọ ọ́ ní gbangba pé àwọn òbí òun kò kọ́kọ́ fẹ́ bọ́ọ̀lù, ilé ìwé ni wọ́n ń fẹ́, pé ìyá àgbà ló dúró ti òun. Kò sí ẹni tó dàgbà ní Ìkòròdú, ní Mushin tàbí ní Agége tí kò mọ bí ọ̀rọ̀ náà ṣe máa ń lọ. Ọmọbìnrin kan á wà nínú móńkí pósìtì àwọn ọkùnrin, wọ́n á fi ṣe aṣọ́lé nítorí pé wọ́n rò pé kò mọ̀ ọ́n gbá. Ọjọ́ tó bá gbé bọ́ọ̀lù kọjá ẹni mẹ́ta, àwọn ọkùnrin náà ni yóò máa jà lórí ẹgbẹ́ tí yóò bá ṣe. Ìyá rẹ̀ á sì yọ lójú ọ̀nà pé, “Ìwọ ọmọ yìí, ṣé o ti bu omi?” FC Robo ní Èkó ni Oshoala ti kọ́kọ́ rí ẹgbẹ́ obìnrin, ó sì ti ibẹ̀ lọ sí Rivers Angels.

Ní Canada, wọ́n gbá ọ̀mì pẹ̀lú Mexico, wọ́n na South Korea àti England ní 2 sí 1, wọ́n na New Zealand ní 4 sí 1. Ní ìpele tó ku ikọ̀ 4, ní Moncton, North Korea tó ti gba ife yìí rí ló dúró síwájú wọn. Nàìjíríà jẹ 6, North Korea jẹ 2. Oshoala nìkan jẹ 4 nínú 6 náà. Mo ti wo àwòrán eré yẹn ju ìgbà tí mo lè kà lọ. Kì í ṣe agbára nìkan. Ọmọ náà mọ ìgbà tó yẹ kó dúró. Á jẹ́ kí àwọn ẹ̀yìn sáré kọjá òun, á fà sẹ́yìn ìṣísẹ̀ kan, bọ́ọ̀lù á sì bá a níbi tí kò sẹ́nì kankan.

Àṣekágbá di ti Montréal, ọjọ́ 24 oṣù Kẹjọ, Jámánì lẹ́ẹ̀kan sí i. Fún ìṣẹ́jú 90, Nàìjíríà ló ń gbá bọ́ọ̀lù jù, aṣọ́lé Jámánì, Meike Kämper, ló ń yọ wọ́n. Kò sẹ́ni tó jẹ. Ní ìṣẹ́jú 98, Lena Petermann gbá bọ́ọ̀lù kan sílé, ó sì parí síbẹ̀. Oshoala gba àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó dára jù, ó gba ti ẹni tó jẹ góòlù jù pẹ̀lú 7. Ààrẹ Goodluck Jonathan fi oyè orílẹ̀-èdè MON dá a lọ́lá lọ́dún náà. Liverpool mú un ní 2015, Arsenal mú un, Barcelona mú un, ó sì ti gba àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù obìnrin tó dára jù ní Áfíríkà lẹ́ẹ̀mẹfà. Ṣùgbọ́n ife tó wà ní Montréal yẹn, Jámánì ló gbé e lọ. Kò tíì sí ikọ̀ Áfíríkà mìíràn tó dé àṣekágbá yìí títí di òní, Nàìjíríà nìkan, lẹ́ẹ̀mejì, ọwọ́ ẹnì kan náà ló sì ti já a gbà lẹ́ẹ̀mejèèjì.

Ẹ jẹ́ ká padà sí Chicago, nítorí ibẹ̀ ni èèyàn ti lè fi ojú rí ohun tí ìdíje yìí ń ṣe. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, Bridgeview, ní gúúsù ìwọ̀-oòrùn ìlú náà, ni ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù obìnrin Chicago Red Stars, tí wọ́n yí orúkọ rẹ̀ padà sí Chicago Stars, ti ń gbá. Ẹni tó bá ra tíkẹ́ẹ̀tì wọ pápá yẹn láàrin 2016 sí 2024, ìtàn tí mo ń sọ yìí ló ń wò lójú pápá. Alyssa Naeher tó ń ṣọ́lé, òun ni wọ́n fún ní àmì ẹ̀yẹ aṣọ́lé tó dára jù ní Chile ní 2008. Julie Ertz, tó ń jẹ́ Johnston nígbà náà, òun ni balógun àwọn ọmọ Amẹ́ríkà tó gba ife ní Japan ní 2012. Kealia Ohai tó jẹ góòlù àṣekágbá ọdún yẹn padà wá ṣe ẹgbẹ́ Chicago. Sofia Huerta gbá ìdíje kan náà, fún Mexico ni tirẹ̀. Mallory Pugh gbá èyí tí wọ́n ṣe ní Papua New Guinea ní 2016. Àwọn ọmọ tó bá ẹgbẹ́ wọn jà ní kékeré ló di àgbà tí ìlú ń san owó wò.

Àwọn Yorùbá Chicago ń mú àwọn ọmọ wọn lọ síbẹ̀. Ọ̀rọ̀ ìwé ni yóò kọ́kọ́ jáde lẹ́nu òbí, gẹ́gẹ́ bó ṣe jáde ní Ìkòròdú: “Ìwé ni mo gbé ọ wá kà níbí o, kì í ṣe bọ́ọ̀lù.” Ṣùgbọ́n Amẹ́ríkà ti fi ìwé àti bọ́ọ̀lù sínú àpò kan náà. Lọ́jọ́ tí lẹ́tà bá dé láti yunifásítì pé wọn yóò san owó ilé ìwé ọmọ nítorí ẹsẹ̀ rẹ̀, bàbá tó ń bínú láná ni yóò máa fi lẹ́tà náà han àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì. Ọ̀nà yunifásítì yìí ni Courtney Dike gbà wá, ọmọ tí wọ́n bí ní Amẹ́ríkà, tó ń gbá bọ́ọ̀lù fún yunifásítì Oklahoma State, tó sì wọ aṣọ Nàìjíríà nínú Falconets ọdún 2014. Òun àti Oshoala jọ jáde ní ikọ̀ kan náà, ọ̀kan láti yunifásítì, èkejì láti Ìkòròdú. Ọ̀nà méjèèjì tó yapa ní Soldier Field ní 1999 ti pàdé nínú ẹ̀wù kan.

Inú mi kì í dùn tán, síbẹ̀. Àwọn ẹ̀gbọ́n àwọn ọmọ wọ̀nyí nínú Super Falcons, ikọ̀ àgbà obìnrin Nàìjíríà, ní láti gbé pátákó lọ sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ní Abuja ní 2016, lẹ́yìn tí wọ́n ti gba ife Áfíríkà, kí wọ́n tó lè rí owó wọn gbà. Ní 2022, ní Costa Rica, Falconets na France, wọ́n na South Korea, wọ́n na Canada, kí Netherlands tó dá wọn dúró; nígbà tí wọ́n ń bọ̀ wálé, wọ́n há sí pápákọ̀ òfurufú Istanbul fún ohun tó ju ọjọ́ kan lọ. Ọmọ tí kò tíì pé ọdún 20 sùn sórí ìjókòó pápákọ̀ nínú aṣọ orílẹ̀-èdè rẹ̀. A ti ní ibi tí ọmọbìnrin ti lè bá ẹgbẹ́ rẹ̀ jìjàkadì. Ẹni tí yóò fọ ẹsẹ̀ fún un nígbà tó bá padà wálé ni kò sí.

Pẹ̀lú gbogbo rẹ̀, wọn kò dẹ́kun lílọ. Láti Edmonton ní 2002 títí dé Colombia ní 2024, ìgbà 11 ni wọ́n ti gbá ìdíje yìí, kò sì sí ọ̀kan tí Nàìjíríà kò sí níbẹ̀. Ti 2020 nìkan ni kò wáyé, àrùn Kòrónà ló fà á. Amẹ́ríkà ti gbà á lẹ́ẹ̀mẹta, Jámánì lẹ́ẹ̀mẹta, North Korea lẹ́ẹ̀mẹta, Japan àti Spain lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan. Àyè kan tí Áfíríkà ní ní 2002 ti di mẹ́rin ní Colombia, nígbà tí ikọ̀ di 24: Nàìjíríà, Ghana, Cameroon àti Morocco. Rasheedat Ajibade, ọmọ Mushin, tó ṣe balógun Falconets ní France ní 2018, òun náà ló ṣe balógun Super Falcons ní Rabat ní oṣù Keje 2025, nígbà tí Morocco ti jẹ góòlù 2 ní àṣekágbá ife Áfíríkà tí Nàìjíríà sì dá a padà, tó sì fi ẹ̀kẹta lé e. Òun ni wọ́n fún ní àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó dára jù.

Ti ọdún 2026, Poland ni wọ́n gbé e fún. Ọmọ tí yóò bá gbá a, a kò gbọdọ̀ tíì bí i ṣáájú oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2006. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó wà láyé lọ́jọ́ tí Nkiru Okosieme gbá bọ́ọ̀lù sílé ní ìṣẹ́jú kejì, ní Chicago.